Òró, Ìbú àti Ìdágun: Ọ̀rọ̀-Ìperí fún Ìgbátí Aṣọ

Ọ̀pọ̀ aṣọ tí a bá fi àlùmọ́gàjí gé ni etí rẹ̀ yóò máa tú bí a kò bá wá nǹkan ṣe sí i. Ọ̀nà méjì pàtàkì ni àwọn aránṣọ ń gbà dá a dúró. Èkíní ni kí a ṣẹ́ etí aṣọ náà fúnra rẹ̀, kí a sì rán an mọ́lẹ̀. Èyí ni ìṣẹ́tí, ọ̀rọ̀ tí àwọn tí ń ka Bíbélì Yorùbá ti mọ̀ dáadáa. Èkejì ni kí a gé ọ̀já tẹ́ẹ́rẹ́ lára aṣọ, kí a sì fi í bo etí náà nínú àti lóde. Èyí ni ìgbátí. Kò yẹ kí ìwé ìkọ́ni da ọ̀rọ̀ méjèèjì pọ̀. Ibi tí ìṣòro wà gan-an ni orúkọ irú ìgbátí kan tí a ń gé láti igun aṣọ dé igun kejì, èyí tí àwọn télọ̀ ń pè ní báyáàsì.

Báyáàsì yìí lè tọ́ka sí ohun mẹ́ta: ìhà tí a gbà gé aṣọ, ọ̀já tí a gé, àti ìgbátí tí a ti rán mọ́ ẹ̀wù. Ní ìsọ̀ télọ̀, èyí kò dí iṣẹ́ lọ́wọ́, nítorí pé ọ̀gá yóò fi ọwọ́ júwe ohun tí ó ń wí fún ọmọ iṣẹ́. Ṣùgbọ́n ìwé kò ní ọwọ́ tí yóò fi júwe. Bí olùtúmọ̀ bá kọ ọ́ pé “gé ọ̀já náà ní ìdábùú”, akẹ́kọ̀ọ́ tí ó gbọ́ Yorùbá dáadáa yóò gé aṣọ náà gba ìbú rẹ̀ kọjá. Ọ̀já bẹ́ẹ̀ kì í fẹ́ yí ọrùn ẹ̀wù ká; ńṣe ni yóò hunjọ. Aṣọ yóò sì ti ṣòfò kí akẹ́kọ̀ọ́ tó mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ni ó ṣi òun lọ́nà.

Ìdí tí ó fi rí bẹ́ẹ̀ wà nínú bí a ṣe hun aṣọ. Òwú òró ni ó gba gígùn aṣọ. Òwú ìbú ni ó gba àárín wọn kọjá. Bí a bá fa aṣọ ní òró tàbí ní ìbú, òwú fúnra rẹ̀ ni a ń fà, òwú kì í sì í nà púpọ̀. Ṣùgbọ́n bí a bá fà á láti igun dé igun, kò sí òwú kan tí ó dúró gbọnrangandan ní ojú ọ̀nà tí a gbà fà á. Àwọn ojú kéékèèké tí òró àti ìbú ṣe yóò fì sí ẹ̀gbẹ́, aṣọ yóò gùn sí i, fífẹ̀ rẹ̀ yóò sì dín kù. Ohun tí ó mú kí ọ̀já náà lè tẹ̀ lé ọrùn ẹ̀wù àti ihò apá nìyí.

Èdè Yorùbá ti ní àwòṣe tí a lè tẹ̀ lé. “Dá” àti “ìbú” ni ó bí “dábùú”. Bákan náà ni a lè so “dá” mọ́ “igun” kí a rí “dágun”, kí a sì fa “ìdágun” yọ láti ara rẹ̀. Ìdágun ni yóò jẹ́ orúkọ ìhà tí ó bá òró aṣọ ṣe igun díígírì 45. Ọ̀já tí a gé ní ìhà náà yóò máa jẹ́ ọ̀já ìdágun. Bí a bá rán an mọ́ etí aṣọ, ó di ìgbátí ìdágun. Ohun mẹ́ta ti gba orúkọ mẹ́ta.

A lè fi iṣẹ́ dán àwọn ọ̀rọ̀ náà wò. Kí a mú aṣọ onígun mẹ́rin ọgbọọgba, tí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọ̀ọ̀kan jẹ́ íǹṣì 36. Kí a ṣẹ́ igun kan lé èyí tí ó kọjú sí i: ojú ìṣẹ́ náà ni ìlà ìdágun. Bí a bá fẹ́ kí ìgbátí hàn ní ààbọ̀ íǹṣì, íǹṣì 2 ni a ó gé ọ̀já ní fífẹ̀, nítorí pé ìdá kan yóò hàn lóde, ìdá kan yóò wà nínú, ìdá méjì tó kù yóò sì ṣẹ́ wọlé. 36 lọ́nà 36 jẹ́ 1,296. Bí a bá fi 2 pín in, a ó rí íǹṣì 648, èyí tí í ṣe yáàdì 18, kí a tó yọ ohun tí ojú ìrán yóò jẹ. Òró tàbí ìbú aṣọ ni ó yẹ kí ojú ìrán tí a fi so ọ̀já pọ̀ tẹ̀ lé, kí ó má baà nà, kí ó má sì ki jọ sí ojú kan. Ní ibi tí etí aṣọ bá ti tẹ̀ wọ inú, bí ọrùn, a ó fa ọ̀já náà díẹ̀. Ní ibi tí ó bá yọ síta, a ó dẹ̀ ẹ́.

Ẹ̀kọ́ kan náà wúlò fún aṣọ ìbora onípele mẹ́ta tí àwọn ará Amẹ́ríkà ń rán, tí ó ní ojú, òwú ìtìmú àti ìdí. Bí etí rẹ̀ bá gún gbọọrọ, ọ̀já òró tó o. Bí ó bá ṣe kọ́lọkọ̀lọ, ìdágun nìkan ni yóò bá a mu. Àǹfààní mìíràn tún wà. Ojú ìṣẹ́ ọ̀já òró ń tẹ̀ lé òwú díẹ̀. Bí ìwọ̀nyí bá gbó, etí aṣọ lè là gbọọrọ. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀lọpọ̀ òwú ni ó gba ojú ìṣẹ́ ìgbátí ìdágun kọjá, tí wọ́n jọ pín ìyà náà.

Aṣọ òkè lè jẹ́ ìdí kan tí irú orúkọ yìí kò fi ti ọ̀dọ̀ àwọn ahunṣọ wá. Ọ̀já rẹ̀ kì í sábà fẹ̀ ju nǹkan bí íǹṣì 4 lọ, etí rẹ̀ méjèèjì sì ti di láti orí òfì. Ìlà ìdágun nínú onígun mẹ́rin íǹṣì 4 kò tó íǹṣì 6. Kò sí ẹni tí yóò wá ìgbátí ọrùn níbẹ̀.

Iṣẹ́ ìwádìí ọlọ́dún 6 tí ó bẹ̀rẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ ní 1970 fi hàn pé a lè fi èdè Yorùbá kọ́ ọmọ ní ìṣirò àti sáyẹ́ǹsì. Iṣẹ́ abẹ́rẹ́ kò yàtọ̀. Kí télọ̀ máa pe báyáàsì rẹ̀ ní ìsọ̀. Ṣùgbọ́n nínú ìwé, kí òró jẹ́ òró, kí ìbú jẹ́ ìbú, kí ìdágun sì ní àyè tirẹ̀.