Ta Ló Ka Òkú Ṣábẹ̀ẹ́?

Ní ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀, títì tó ti Kútọnù lọ sí Parakou àti Malanville, lẹ́nu ibodè Niger, gba Ṣábẹ̀ẹ́ kọjá. Ojú títì yìí làwọn olùfẹ̀hónúhàn dí pa ní oṣù kẹrin ọdún 2021. Lójú tiwọn, ọdún 5 tí wọ́n dìbò yan Ààrẹ Patrice Talon fún ti pé. Àtúnṣe òfin ọdún 2019 tó fi bí ọ̀sẹ̀ 6 kún un kò wọ̀ wọ́n létí. Lọ́jọ́ kẹjọ oṣù náà, nígbà tí ìbò ku ọjọ́ 3, àwọn sójà dé, ìbọn sì dún.

Ìròyìn náà dé ọ̀dọ̀ AFP, ilé iṣẹ́ ìròyìn ilẹ̀ Faransé, ní Paris lọ́jọ́ náà gan-an. Àwọn oníṣègùn ìlú sọ fún AFP pé ìbọn pa èèyàn, ó sì ṣe àwọn mìíràn léṣe. Iye tó wá tàn kálẹ̀ ni pé ó kéré tán, èèyàn 2 kú. Ìjọba ní àwọn ọdẹ ló kọ́kọ́ yìnbọn lu àwọn sójà.

Olóòtú tó wà ní Èkó tàbí Lọ́ńdọ̀nù kì í sábà mọ Ṣábẹ̀ẹ́. Ohun tí AFP bá fi ránṣẹ́ ló ń lò. Bó bá ń gé e kó lè gba àyè tó kù lójú ìwé, “àwọn oníṣègùn ló sọ ọ́” ló sábà máa ń kọ́kọ́ ṣubú. Iye nìkan ni yóò kù, bí ẹni pé olóòtú fúnra rẹ̀ ló débẹ̀ lọ kà á. Èyí burú ju àṣìkọ orúkọ ìlú lọ.

Kì í ṣe pé iṣẹ́ ìròyìn kò ní òfin. Láti 1999 làwọn oníròyìn ilẹ̀ Bẹ̀nẹ̀ ti fọwọ́ sí ìlànà tiwọn: wádìí kóo tó kọ, má sì tú àṣírí ẹni tó sọ fún ọ. Ṣùgbọ́n dídárúkọ ẹni tó sọ̀rọ̀ pàápàá lè kó bá ènìyàn. Ní oṣù kejìlá 2019, Ignace Sossou ti Bénin Web TV gbé ohun tí agbẹjọ́rò ìjọba sọ níbi ìpàdé kan sórí Twitter. Ọ̀rọ̀ íntánẹ́ẹ̀tì tí wọ́n gé lọ́jọ́ ìbò oṣù kẹrin ọdún yẹn wà nínú rẹ̀. Ilé ẹjọ́ fi òfin íntánẹ́ẹ̀tì ọdún 2018 rán an lẹ́wọ̀n oṣù 18. Ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn dín in kù, Sossou sì jáde ní oṣù kẹfà 2020. Ta wá ni ara rẹ̀ yóò yá láti fi orúkọ ara rẹ̀ sábẹ́ iye òkú?

Ní Niger, ilé iṣẹ́ ìròyìn ńlá pàápàá kò bọ́ lọ́wọ́ ìjọba. Oṣù kejìlá 2024 ni BBC ròyìn pé wọ́n pa sójà tó lé ní 90 ní Chatoumane. Ìjọba ológun ní irọ́ ni, wọ́n sì gbé rédíò BBC kúrò lórí afẹ́fẹ́ fún oṣù 3.