Dẹ́kódà Tó Ń Dáhùn Lórí Fóònù

Nígbà tí ìjọba Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ ṣí iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n WNTV ní Ìbàdàn lọ́dún 1959, ohun tí wọ́n bá gbé sáfẹ́fẹ́ nìkan ni tẹlifíṣọ̀n ń gbà. Lónìí, ẹni tó ní dẹ́kódà bíi Dreambox tàbí Vu+ ní Ṣágámù ní kọ̀ǹpútà nílé, bí kò tilẹ̀ fura. Linux ló wà nínú rẹ̀, Enigma2 ló sì ń darí àwòrán. Bí plugin tó ń jẹ́ OpenWebif bá wà níbẹ̀, a ó tẹ nọ́ńbà dẹ́kódà náà, bíi 192.168.1.20, sínú Chrome lórí fóònù, a ó sì máa yí ìkànnì láì wá rìmóòtù kiri. Èyí kì í jẹ dátà, nítorí inú ilé lọ̀rọ̀ náà ń gbà. Ìgbà tí a bá fẹ́ fi plugin ọ̀hún sí i nìkan la nílò íntánẹ́ẹ̀tì.

Sọ́fítíwíà dẹ́kódà bíi OpenATV àti OpenPLi sábà máa ń ní in tẹ́lẹ̀. Bí kò bá sí, ẹ wọ dẹ́kódà láti orí kọ̀ǹpútà pẹ̀lú SSH, ẹ tẹ opkg update, lẹ́yìn náà opkg install enigma2-plugin-extensions-openwebif, kí ẹ pa á, kí ẹ tún un tàn. Ẹ má gba fáìlì tí ẹnìkan kó wá sórí flash. Ó lè ti pẹ́ jù: Python 3 ni OpenATV 7 ń lò. Plugin tí wọ́n kọ fún Python 2 nìkan kò ní jí níbẹ̀. Dẹ́kódà fúnra rẹ̀ á kọ orúkọ plugin tó kọ̀ṣẹ́ sójú tẹlifíṣọ̀n bó ṣe ń tàn. Ẹ kà á dáadáa.

Àmọ́ níbi tiwa, iná ló ń dá wàhálà sílẹ̀ jù. Bí iná bá lọ tó tún dé, router lè fún dẹ́kódà ní nọ́ńbà mìíràn. Ojú-ewé àná kò ní ṣí mọ́, àwọn kan á sì sáré yọ plugin tí kò ṣẹ̀ wọ́n. Ẹ wo nọ́ńbà tuntun lábẹ́ network nínú menu, kí ẹ sì ní kí router má yí i padà mọ́. Iná yìí náà ló ń da aago rú: ọ̀pọ̀ dẹ́kódà kò ní bátìrì aago. Bí ọjọ́ ara rẹ̀ bá padà sí 1970, ibi tó yẹ kó ti gba plugin lórí https kò ní ṣí fún un. Ẹ tún aago ṣe kí ẹ tó tẹ opkg. Bó bá tún kọ̀, ẹ tẹ df -h láti wo àyè tó kù. Àyè lè ti kún.

Ẹ jọ̀ọ́, kí àlejò má bàa wọ dẹ́kódà yín, ẹ fi àṣẹ passwd fún root, orúkọ tí a fi ń wọlé, ní páásìwọ́dù, ẹ má sì ṣí ẹnu-ọ̀nà (port) 80 sí ìta nínú router yín.