Lambo, dókítà tó ní kí aláìsàn ọpọlọ máa gbé láàárín ẹbí

Ní ọdún 1953, Àjọ Ìlera Àgbáyé, WHO, tẹ ìwé kan jáde tí dókítà òyìnbó kan kọ. J. C. Carothers lorúkọ rẹ̀, ó ti ṣiṣẹ́ ní Kenya. Ó fi ọpọlọ ènìyàn dúdú wé ti òyìnbó tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ abẹ fún níwájú ọpọlọ.

Ọdún kejì ni ọmọ Ẹ̀gbá kan tó kàwé ìṣègùn ní Birmingham, Thomas Adéoyè Lambo, bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Àró, l'Abẹ́òkúta. Ibẹ̀ kò jìnnà sí wa ní Sakété: ẹ sọdá ibodè, ẹ gba Ìláró kọjá.

Wọn ò tíì kọ́ ọsibítù náà parí. Ẹlòmíràn ì bá jókòó de bíríkìlà. Lambo lọ bá àwọn ará abúlé mẹ́rin tó wà nítòsí, pé kí wọ́n gba àwọn aláìsàn sílé. Àmọ́ aláìsàn kò gbọdọ̀ dá wá. Ìyá rẹ̀ ni o, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni o, ẹnìkan gbọ́dọ̀ tẹ̀ lé e, kó máa se oúnjẹ fún un, kó máa fọ aṣọ rẹ̀, kó sì máa mú un lọ gba ìtọ́jú lójoojúmọ́. Tó bá di ìrọ̀lẹ́, wọ́n á padà sábúlé, wọ́n á bá àwọn ará ibẹ̀ tayò, wọ́n á bá wọn ṣọdún.

Ó tún pe àwọn onísègùn ìbílẹ̀ mọ́ra, èyí tó ya ọ̀pọ̀ dókítà lẹ́nu. Èmi ò rí ohun ìyanu níbẹ̀. Ta ló lè bá àgbẹ̀ tó gbà pé wọ́n sà sí òun sọ̀rọ̀ bí kò ṣe wọn?

Lambo kò fi ọ̀rọ̀ náà mọ sí Àró. Ní 1961, ó kó àwọn dókítà ọpọlọ jọ láti káàkiri Áfíríkà sí Abẹ́òkúta. Ó di ọ̀gá àgbà Yunifásítì Ìbàdàn ní 1968, lẹ́yìn náà ó di igbákejì ọ̀gá àgbà WHO, àjọ tó tẹ ìwé Carothers yẹn gan-an, títí di 1988. Ó kú ní 2004.

Síbẹ̀, àwọn ẹbí kan ṣì ń fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ de ọmọ wọn mọ́ igi títí di òní. Kì í ṣe ìkà ni gbogbo wọn. Ẹ̀rù ń bà wọ́n, dókítà sì jìnnà. Irú àwọn aláìsàn bẹ́ẹ̀ ni Grégoire Ahongbonon, ọmọ Benin tó ń lẹ táyà tẹ́lẹ̀ ní Côte d'Ivoire, ń tú sílẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn ibùdó Saint Camille tó dá sílẹ̀ wà ní Avrankou, lápá Àjàṣẹ́ níbí. Wọ́n ń fún wọn lóògùn, wọ́n ń kọ́ wọn níṣẹ́ ọwọ́, wọ́n sì ń dá wọn padà sílé. Púpọ̀ nínú àwọn tó ń tọ́jú aláìsàn ní àwọn ibùdó náà ló ti jẹ́ aláìsàn níbẹ̀ rí.