Ọlá Balógun àti Fíìmù Tí Kò Dúró De Ìjọba

Ní 1976, àwọn èrò ìwòran rí ohun tí ojú wọn ò tíì fi bẹ́ẹ̀ rí rí: fíìmù gígùn tí wọ́n ń sọ Yorùbá nínú rẹ̀. Àjàní Ògún ni wọ́n pè é. Ọ̀dọ́mọdé ọdẹ kan bá olóṣèlú jẹgúdújẹrá fà á lórí ilẹ̀ bàbá rẹ̀. Adéyẹmí Afọláyan, tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love, ló ṣe Àjàní. Ọlá Balógun ló darí rẹ̀.

Ọmọ Yorùbá ni Balógun, ṣùgbọ́n Aba ni wọ́n bí i sí ní 1945. Ó kàwé ní Dakar àti Caen kó tó wọ IDHEC, ilé ẹ̀kọ́ fíìmù tó lókìkí ní Paris. Ní 1968, wọ́n tẹ eré kan tó fi èdè Faransé kọ nípa Ṣàngó jáde. Dọkumẹ́ńtárì ló fi bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́: One Nigeria ní 1969, lẹ́yìn náà èyí tó ṣe lórí àwọn afárá Paris.

Nígbà tó ṣe, ó dá ilé-iṣẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, Afrocult, kó lè máa ṣe fíìmù láìdúró de ìjọba.

Òmìnira náà ná an lówó. Kò sí ibi tí wọ́n ti ń fọ fíìmù aláwọ̀ nílẹ̀ wa nígbà yẹn. Wọ́n á di róòlù sínú agolo, ó di òkè òkun. Nígbà tí olùdarí bá fi máa rí i pé àwòrán kan ò dára, àwọn òṣèré ti túká.

Àwọn òṣèré alárìnjó ló bá a gbé ẹrù náà. Wọ́n ní orin, wọ́n ní idán, wọ́n sì ti ní èrò ìwòran láti Èkó dé Ìlọrin. Balógun darí Ayé fún Ògúǹdé, ọ̀kan nínú wọn, ó darí Ìjà Òmìnira, tí wọ́n mú láti inú ìwé Adébáyọ̀ Fálétí, Ọmọ Olókùn Ẹṣin. Fún Bàbá Sàlá, aláwàdà inú wọn, ó darí Ọ̀run Móoru ní 1982. Àwọn alárìnjó fúnra wọn ló ń gbé fíìmù wọn kiri láti ìlú dé ìlú, wọ́n ń háyà gbọ̀ngàn, wọ́n ń gba owó lẹ́nu ọ̀nà.

Ibẹ̀ náà ni olè ti wọlé. Àwọn kan jí Ọ̀run Móoru gbà sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n ń tà á, gbèsè sì wọ Bàbá Sàlá lọ́rùn.

Lónìí, Kúnlé Afọláyan, ọmọ Adé Love, ń darí fíìmù tí wọ́n ń wò káàkiri àgbáyé, ṣùgbọ́n ẹ̀dà ọ̀pọ̀ iṣẹ́ Balógun ṣòro láti rí. Iléeṣẹ́ tó ń tọ́jú fíìmù fún ìjọba wà ní Jos. Ó yẹ kí iléeṣẹ́ náà wá àwọn róòlù fíìmù Balógun jáde nísinsìnyí, nígbà tí àwọn kan lára àwọn tó kópa nínú wọn ṣì kù láyé tí wọ́n lè júwe ibi tí àwọn róòlù náà wà.