Ọmọ Tí Ó Fẹ́ Bá Ẹgbẹ́ Pé

Ìráhùn àwọn òbí tí ọmọ wọn wà ní ilé-ìwé girama ń pọ̀ sí i. Ọmọ ọdún 14 tí ìyá rẹ̀ ń ta àkàrà ní ẹnu ọ̀nà ilé-ìwé yóò gba iwájú rẹ̀ kọjá láì kí i, kí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ má baà mọ̀ pé òun ni ó bí i. Òmíràn yóò máa ṣe bí ẹni tí kò gbọ́ Yorùbá, ọmọ tí a bí ní àárín ìlú Ìbàdàn!

Àwọn àgbà kan a máa sọ pé ọmọ burúkú ni irú ọmọ bẹ́ẹ̀. Àwa kò gbà bẹ́ẹ̀. Àwa náà ń yá owó ra aṣọ ẹbí, nítorí pé a kò fẹ́ jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo tí aṣọ rẹ̀ yàtọ̀ nínú agbo. (Kí a má tilẹ̀ sọ ti gèlè.)

Ní ọdún 1951, ọ̀mọ̀wé Solomon Asch ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà tẹ ìwádìí kan jáde lórí ọ̀ràn yìí. Ó fi ìlà han àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin akẹ́kọ̀ọ́ kọ́lẹ́ẹ̀jì, ó ní kí wọ́n sọ èyí tí ó gùn tó ti àkọ́kọ́. Ohun tí ọmọdé lè fi ojú lásán rí ni. Ṣùgbọ́n Asch ti bá gbogbo wọn ṣe àdéhùn, àfi ẹnì kan, pé kí wọ́n fi ẹnu kò lórí irọ́. Nínú mẹ́rin àwọn tí kò mọ̀ nípa àdéhùn náà, bí mẹ́ta ni ó fara mọ́ irọ́ yìí, ó kéré tán lẹ́ẹ̀kan. Bẹ́ẹ̀ ni kò sí ẹni tí ó mú pàṣán lọ́wọ́ níbẹ̀.

Apá kejì ìwádìí náà ni ó wọ̀ wá lọ́kàn jùlọ. Nígbà tí Asch fi ẹnì kan péré tí yóò máa sọ òtítọ́ sí àárín wọn, fífara mọ́ irọ́ dín kù gidigidi. Ẹnì kan péré!

Nítorí náà, ẹ̀yin olùkọ́, ẹ fi pàṣán sílẹ̀ ní ti ọmọ alákàrà yẹn. Ẹ wo inú kíláàsì yín. Ẹ ó rí ọmọ kan níbẹ̀ tí kì í bá wọn fi ẹnikẹ́ni ṣe yẹ̀yẹ́. Ẹ jẹ́ kí àwọn méjèèjì jọ jókòó lórí bẹ́ǹṣì kan. Ẹ̀yin òbí, bí ọmọ yín bá mú irú ọ̀rẹ́ bẹ́ẹ̀ wá sílé, bí aṣọ rẹ̀ tilẹ̀ ti gbó, ẹ fún un ní oúnjẹ, kí ẹ má sì bi í léèrè iṣẹ́ tí bàbá rẹ̀ ń ṣe.