Try and Love (àwo-orin Ofege)

Try and Love ni àwo-orin àkọ́kọ́ tí ẹgbẹ́ olórin Ofege gbé jáde. Ọdún 1973 ni ó jáde, lábẹ́ ilé-iṣẹ́ agbórinjáde EMI ti Nàìjíríà. Ọmọ ilé-ìwé girama ní ìlú Èkó ni àwọn tí ó ṣe é, wọn kò sì tíì fi aṣọ ilé-ìwé sílẹ̀ nígbà tí wọ́n wọ ilé ìgbohùnsílẹ̀. Orin mẹ́jọ ni ó wà nínú rẹ̀. Lónìí, a kì í sọ ìtàn orin rock ní Nàìjíríà láìdárúkọ àwo yìí.

Ẹgbẹ́ náà àti orúkọ rẹ̀

Ní St. Gregory's College, Ọ̀bálẹ́ńdé, ni Ofege ti bẹ̀rẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970. Àwọn Kátólíìkì ni ó dá ilé-ìwé náà sílẹ̀ fún àwọn ọmọkùnrin ní ọdún 1928. Melvin Ukachi, tí wọ́n tún ń pè ní Noks, ni ó ń kọrin tí ó sì ń ta jìtá. Paul Alade náà ń ta jìtá, Felix Inneh ń ta jìtá olóhùn ìsàlẹ̀, Dapo Olumide wà nídìí dùùrù, M-Ike Meme sì ń lu ìlù. Ẹni tí ó bá wo orúkọ ìdílé wọn yóò rí i pé ẹ̀yà wọn kò papọ̀. Oṣù kìíní ọdún 1970 ni ogun abẹ́lé ṣẹ̀ṣẹ̀ parí. Kò ju ọdún mẹ́ta lọ lẹ́yìn rẹ̀ tí àwọn ọmọ wọ̀nyí fi jọ dúró sídìí ẹ̀rọ gbohùngbohùn kan ṣoṣo. Ó lè jẹ́ pé ohun ojoojúmọ́ ni èyí lójú wọn nínú ilé-ìwé Èkó, ṣùgbọ́n ó yẹ kí òǹkàwé òde òní ṣàkíyèsí rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ni "ofege". Ó túmọ̀ sí kí ọmọ ilé-ìwé yọ́ jáde láìgba àyè lọ́wọ́ olùkọ́, kí ó gba ojú fèrèsé tàbí ẹ̀yìn ọgbà lọ síbi ìgbádùn rẹ̀. Kì í ṣe orúkọ tí ọ̀gá ilé-ìwé kankan yóò fọwọ́ sí. Síbẹ̀, orúkọ náà ti sọ ẹni tí wọ́n ń kọrin fún: ọmọ ilé-ìwé bíi tiwọn ni.

Orin ìlú nígbà náà

Ní ọdún 1973, jùjú ti Ebenezer Obey àti ti Sunny Ade ni ó gbòde láàárín àwọn àgbàlagbà Yorùbá. Àpàlà Haruna Ishola kò sì tíì kúrò nílẹ̀. Bí a bá lọ sí Ìlọrin, dadakúàdá ni tiwọn, tí Odolaye Aremu jẹ́ ọ̀gá nínú rẹ̀. Orin ìmọ̀ràn àti oríkì ni gbogbo ìwọ̀nyí. Olówó àti olóyè ni wọ́n ń kì, ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún kò sì sí nínú àwọn tí à ń kì. Àwo-orin láti ìlú òyìnbó ni irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ń wá kiri, pàápàá àwo Santana.

Owó ń wọlé nígbà náà. Epo rọ̀bì ti bẹ̀rẹ̀ sí í mú ọrọ̀ wá, náírà sì rọ́pò pọ́n-ùn ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 1973. Àwọn ẹgbẹ́ olórin rock tí àwọn ọmọ Nàìjíríà fúnra wọn dá sílẹ̀ ti ń gbilẹ̀. BLO, tí Berkley Jones, Laolu Akins àti Gbenga Odumosu jọ dá sílẹ̀, gbé àwo àkọ́kọ́ tiwọn jáde lábẹ́ EMI ní ọdún kan náà. Monomono ti Joni Haastrup náà wà níbẹ̀. Láti ọ̀dọ̀ BLO àti Monomono ni àwọn ọmọ Ofege ti kọ́ pé ọmọ ilẹ̀ yìí lè ṣe irú orin bẹ́ẹ̀. Láti ọ̀dọ̀ Carlos Santana, Jimmy Page àti Jeff Beck ni wọ́n sì ti kọ́ bí jìtá ṣe lè máa sọ̀rọ̀ bí ẹni tí ń bẹ̀bẹ̀.

Bí wọ́n ṣe ṣe àwo náà

Odion Iruoje ni ó darí ìgbohùnsílẹ̀ náà. Òṣìṣẹ́ EMI ni ní Èkó, òun náà sì ti bá Fela Kuti ṣiṣẹ́. Kì í ṣe ohun kékeré pé irú ẹni bẹ́ẹ̀ fún àwọn ọmọ ilé-ìwé láyè. Iye wákàtí tí ilé ìgbohùnsílẹ̀ lè fi ṣiṣẹ́ lójúmọ́ níye, àwọn ògbóǹtarìgì olórin sì ń dúró lẹ́nu ọ̀nà. Iruoje rí ohun kan tí àwọn mìíràn kò rí: àwọn ọmọ ilé-ìwé pọ̀ ní Nàìjíríà, wọ́n fẹ́ràn orin, kò sì sí ẹni tí ń ṣe àwo fún wọn láti ẹnu ẹgbẹ́ wọn.

EMI Èkó kì í ṣe ibi yẹpẹrẹ rárá. Ní oṣù kẹjọ àti oṣù kẹsàn-án ọdún 1973 kan náà, Paul McCartney àti ẹgbẹ́ Wings wá sí ilé ìgbohùnsílẹ̀ EMI ní Wharf Road, Àpápá, láti ṣe àwo Band on the Run. Ẹ̀rọ tí wọ́n bá níbẹ̀ ń gba ohùn sí ọ̀nà mẹ́jọ lórí téèpù. Ọ̀nà mẹ́jọ kò pọ̀. Bí ìlù bá gba méjì tàbí mẹ́ta, jìtá àti dùùrù ní láti pín ìyókù pẹ̀lú ohùn ẹnu. Nítorí náà, ẹgbẹ́ tí ó bá fẹ́ gba orin sílẹ̀ nígbà náà ní láti mọ orin rẹ̀ dáadáa kí ó tó wọlé, kí wọ́n sì jọ lù ú pọ̀.

Àwọn orin inú rẹ̀

Orúkọ àwọn orin náà ni "Nobody Fails", "Whizzy Ilabo", "Gbe Mi Lo", "Try and Love", "It's Not Easy", "You Say No", "Lead Me On" àti "Ofege". Èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ó pọ̀ jù nínú wọn. Orúkọ "Gbe Mi Lo" kò nílò ògbufọ̀ fún ọmọ Yorùbá.

Ohun tí etí kọ́kọ́ ń gbọ́ ni jìtá tí ohùn rẹ̀ ń ha. Ẹ̀rọ kékeré kan tí a ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ni ó ń ṣe èyí: ó ń gba ohùn jìtá, ó ń fún un pọ̀ kọjá ààlà rẹ̀ títí yóò fi máa dún bí oyin nínú agolo. Lábẹ́ rẹ̀, ìlù àti jìtá olóhùn ìsàlẹ̀ ń lọ ní ìlù ijó ilẹ̀ wa, dùùrù sì ń kún àárín. Àwọn ọmọ náà kì í ṣe akọrin ńlá. Ohùn wọn tín-ín-rín, ó sì máa ń gbọ̀n níbi tí orin bá gòkè. Ní èrò òǹkọ̀wé yìí, ibẹ̀ gan-an ni agbára àwo náà wà. Àgbà tí ó mọ orin kọ jù wọ́n lọ kò lè kọ nípa ìfẹ́ àkọ́kọ́ àti ìjákulẹ̀ rẹ̀ kí ó dún bí òtítọ́ tó bẹ́ẹ̀. A kò tún gbọdọ̀ gbójú fò ó pé ipa Santana hàn gbangba. Ní àwọn ibì kan, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ àwòkọ.

Àwọn kan máa ń béèrè bóyá a lè fi Ofege wé àwọn ẹgbẹ́ pop punk ti Amẹ́ríkà, nítorí pé ọ̀rọ̀ ilé-ìwé, ọ̀rẹ́bìnrin àti ìsáǹsá ni ti àwọn náà. Ìlù wọn kò jọra rárá. Síbẹ̀, bí ọ̀rọ̀ bá di ti ọ̀dọ́ tí kò dúró kí àgbà fún òun láyè, ẹ jẹ́ ká rántí pé ọdún 1976 ni àwo àkọ́kọ́ Ramones jáde.

Bí àwọn ènìyàn ṣe gbà á

Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ gba àwo náà tọwọ́tẹsẹ̀, Ofege sì di ìlúmọ̀ọ́ká láàárín wọn. Àwọn ọ̀dọ́ mìíràn náà rí i pé ilẹ̀kùn ti ṣí. Iruoje kò dẹ́kun láti máa gba ohùn irú wọn sílẹ̀. Grotto wà lára àwọn ẹgbẹ́ ọ̀dọ́ tí ó tẹ̀ lé Ofege lọ́nà yìí. Ofege fúnra wọn tún ṣe The Last of the Origins, Higher Plane Breeze àti How Do You Feel kí àwọn ọdún 1970 tó parí. Àwọn àwo ìkẹyìn wọ̀nyí mọ́ létí ju ti àkọ́kọ́ lọ, ìlù disco sì ti wọ inú wọn, ṣùgbọ́n àkọ́kọ́ ni àwọn ènìyàn ń wá. Ní ọdún 1981, Melvin Ukachi dá nìkan gbé àwo kan jáde tí ó fi ń pe ìlù Ofege padà.

Lẹ́yìn náà ni gbogbo rẹ̀ dákẹ́. Orin rock kò rọ́wọ́ mú mọ́ ní Nàìjíríà, àwọn àwo àtijọ́ sì ń di ohun àwátì nílé. Àwọn olùṣàkójọ àwo láti Yúróòpù àti Amẹ́ríkà ni ó bẹ̀rẹ̀ sí í wá wọn kiri pẹ̀lú owó gọbọi. Ní ọ̀rúndún kọkànlélógún, ilé-iṣẹ́ Academy LPs ti New York tún tẹ Try and Love jáde, ó sì bọ́ sọ́wọ́ àwọn tí wọn kò tíì bí nígbà tí a ṣe é. Ọ̀pọ̀ ọmọ Nàìjíríà ni ó jẹ́ pé orí íntánẹ́ẹ̀tì, láti ẹnu àlejò, ni wọ́n ti kọ́kọ́ gbọ́ orúkọ Ofege. Odion Iruoje pẹ̀lú wà nínú iṣẹ́ àtúntẹ̀ àwọn orin àsìkò náà: ní Èkó, òun àti Temitope Kogbe dá ilé-iṣẹ́ Odion Livingstone sílẹ̀, orin àwọn ọmọ ilé-ìwé tí ó ti gbà sílẹ̀ ní àwọn ọdún 1970 sì wà lára ohun tí wọ́n tún tẹ̀.