Ohùn Àgbà Nínú Àwo Àtijọ́

Àwo giramafóònù ló gbé ohùn àwọn àgbà Yorùbá kan dé òní. Lẹ́yìn ọdún 1920, Àlùfáà J. J. Ransome-Kuti, bàbá bàbá Fẹlá, kọ orin ìyìn Yorùbá sínú àwo Zonophone ní Lọ́ńdọ̀nù. Láàárín 1940 sí 1941, Lorenzo Dow Turner, ọ̀mọ̀wé aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà, gba ohùn àwọn olórìṣà sílẹ̀ ní Bahia ní Brazil. Martiniano do Bonfim, tí bàbá rẹ̀ rán wá sí Èkó láti kàwé, wà lára wọn. Yunifásítì Indiana ló ń tọ́jú àwọn àwo Turner. Ẹni tó bá sọ pé àṣà Yorùbá kò ní àkọsílẹ̀ kò tíì gbọ́ irú àwọn àwo wọ̀nyí.

Kí ohùn inú irú àwo bẹ́ẹ̀ tó lè tún dún ketekete, fífọ àwo ni iṣẹ́ àkọ́kọ́. Shellac ni wọ́n fi ṣe púpọ̀ nínú àwo tó ń yí ní ìgbà 78 láàárín ìṣẹ́jú kan. Sípíríìtì kò gbọ́dọ̀ kàn án, nítorí yóò yọ́. Kọ̀ǹpútà a wá gba ohùn náà sílẹ̀ tòun tariwo rẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan ẹ̀dà yìí mọ́; ẹ̀dà mìíràn tí wọ́n dà kọ láti inú rẹ̀ ni wọ́n ń tún ṣe. Àwo tó fọ́ pàápàá ní àtúnṣe: ní Berkeley ní Amẹ́ríkà, onímọ̀ físíìsì Carl Haber àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe ẹ̀rọ tó ń ya fọ́tò ilà ara àwo, tí kọ̀ǹpútà sì ń ṣírò ohùn láti inú fọ́tò náà, láìlo abẹ́rẹ́.

Ariwo ‘pà, pà’ tó ń dún níbi tí àwo ti ha rọrùn láti yọ. Ti ‘ṣíìì’ tó gba gbogbo orin kan ló le. Kọ̀ǹpútà a kọ́kọ́ gbọ́ ọ níbi tí orin kò tíì bẹ̀rẹ̀, a sì máa yọ irú rẹ̀ kúrò. Ṣùgbọ́n ìró ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ jọ ọ́, bẹ́ẹ̀ ni ‘s’ àti ‘ṣ’ lẹ́nu olórin. Bí wọ́n bá yọ ọ́ láyọjù, ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ á rá, ọ̀rọ̀ á sì kú lẹ́nu.

Ìlù dùndún tún ní ewu tirẹ̀. Bí ihò àwo kò bá sí láàárín gan-an, ohùn á máa lọ sókè sódò bí àwo ti ń yí. Ohùn ìsàlẹ̀ ìyáàlù lè wá gòkè, ohun tí onílù wí á sì dàrú. Kọ̀ǹpútà lè tún un ṣe, ṣùgbọ́n kò mọ oríkì ẹni tí wọ́n ń kì. Ọmọ Àyàn tàbí àgbà tó gbọ́ ìlù ló lè sọ pé ó ti tọ́.

Ìdílé tó ní kásẹ́ẹ̀tì ìsìnkú tàbí ìgbéyàwó àtijọ́ nílé, kí wọ́n gbà á sínú kọ̀ǹpútà bó ṣe rí, kí wọ́n sì fi ránṣẹ́ sí àwọn àgbà tó mọ orúkọ àti oríkì inú rẹ̀, nígbà tí wọ́n ṣì wà láyé.